Orí Kẹfà: Kùúkùu Tí Atẹ́gùn Kì Í Gbé Lọ: Ìṣùpọ̀ Ìràwọ̀, Nẹ́búlà àti Gálásì Lójú Ọ̀run Ẹdẹ

Ní ìparí oṣù kọkànlá, nígbà tí òjò ti dáwọ́ dúró tí ọyẹ́ kò sì tíì kó eruku aṣálẹ̀ dé, ojú ọ̀run Ẹdẹ máa ń mọ́ ju bó ṣe ń mọ́ nígbà yòókù lọ. Ẹni tó bá jáde ní agogo mẹ́sàn-án alẹ́, lóru tí òṣùpá kò sí, tó kọjú sí àríwá, tó sì gbójú sókè ju ìdajì ọ̀run lọ díẹ̀, yóò rí kùúkùu funfun bàìbàì kan tí kò tóbi. Kì í ṣe ìràwọ̀, nítorí kò tàn ṣóńṣó. Kì í sì í ṣe kùúkùu òjò, nítorí atẹ́gùn kò lè gbé e lọ: lálẹ́ ọ̀la, àárín àwọn ìràwọ̀ tó wà lónìí náà ni yóò tún wà. Gálásì Andromeda ni, ìyẹn àgbájọ ìràwọ̀, gáàsì àti eruku tó tóbi gan-an. Kí ẹni náà wá kẹ̀yìn sí i, kó kọjú sí gúúsù, níbi tí ọ̀run ti fẹ́rẹ̀ẹ́ kan ilẹ̀. Kùúkùu mìíràn wà níbẹ̀, tó ṣòro rí ju ti àkọ́kọ́ lọ. Kùúkùu Magellan Kékeré ni wọ́n ń pè é, gálásì sì lòun náà.

Láàárín wákàtí kan náà, àwọn méjèèjì wà lórí ìlà kan ṣoṣo tó ti àríwá gba orí wa kọjá sí gúúsù. Àwọn méjì yìí gan-an ni aráyé fi mọ bí ọ̀run ṣe fẹ̀ tó, bẹ́ẹ̀ àwọn onímọ̀ tó ṣe iṣẹ́ náà kò lè dúró síbi iṣẹ́ wọn kí wọ́n rí méjèèjì pọ̀. Ọmọ ilé ìwé ní Ẹdẹ lè rí wọn. Ìdí tó fi rí bẹ́ẹ̀ la ó fi bẹ̀rẹ̀.

6.1 Ibi tí Ẹdẹ dúró sí

Máàpù ọ̀run tó wà nínú ọ̀pọ̀ ìwé tí à ń rà, ọ̀run Yúróòpù tàbí ti Amẹ́ríkà ni wọ́n yà síbẹ̀. Tiwa yàtọ̀. Ẹdẹ wà ní dìgírì 7.7 sí àríwá ìlà agbedeméjì ayé. Ọ̀run náà ní ìlà agbedeméjì tirẹ̀, tó wà lókè tààrà sí ti ayé. Bí a bá mọ iye dìgírì tí ohun kan fi jìnnà sí ìlà ọ̀run yìí, a lè ṣírò ibi tí yóò ga dé lójú ọ̀run wa. A ó wá ìyàtọ̀ tó wà láàárín iye náà àti 7.7, a ó sì yọ ọ́ kúrò nínú 90. Bí ohun náà bá wà ní gúúsù ìlà, ńṣe ni a ó ro 7.7 mọ́ iye rẹ̀ dípò kí a yọ ọ́.

Andromeda wà ní dìgírì 41.3 àríwá. Bí a bá yọ 7.7 kúrò, ó ku 33.6, 90 dín 33.6 jẹ́ 56.4. Kùúkùu Magellan Kékeré wà ní dìgírì 72.8 gúúsù. Bí a bá ro 7.7 mọ́ ọn, ó di 80.5, 90 dín 80.5 jẹ́ 9.5. Ìkúùkù ẹni tó na apá rẹ̀ tán máa ń bo nǹkan bí dìgírì 10 lójú ọ̀run, nítorí náà kùúkùu yìí kò ga ju ìkúùkù kan lọ sí ilẹ̀. Ẹ wá ṣe ìṣírò kan náà fún Lọ́ńdọ̀nù tó wà ní 51.5 àríwá, ẹ ó rí i pé ìdáhùn yín lọ sísàlẹ̀ òdo: Kùúkùu Magellan Kékeré kì í yọ níbẹ̀ rárá, láyéláyé. Ní Cape Town, tó wà ní 33.9 gúúsù, Andromeda kì í ga ju dìgírì 15 lọ. Ohun tí èyí túmọ̀ sí ni pé díẹ̀ ló kù lójú ọ̀run tí a kò lè rí láti Ẹdẹ bí ọdún bá yí po.

Ṣùgbọ́n kí ohun kan yọ lókè ọ̀tọ̀, kí a rí i ọ̀tọ̀. Láti oṣù kejìlá sí oṣù kejì, eruku ọyẹ́ máa ń bo gbogbo ohun tó bá wà nísàlẹ̀ dìgírì 20. Láti oṣù kẹfà sí oṣù kẹsàn-án, kùúkùu òjò ló ń dí wa lọ́wọ́. Nítorí náà àkókò tó dára jù fún wa ni oṣù kọkànlá, àti oṣù kẹta sí ìkẹrin, lẹ́yìn tí òjò àkọ́rọ̀ bá ti fọ eruku kúrò lójú sánmà. Ìmọ́lẹ̀ Òṣogbo máa ń ràn ní ìlà oòrùn, nítorí náà ẹni tó bá fẹ́ wo apá ibẹ̀ kó dúró di ìgbà tí ohun tó ń wá bá ga sókè. Àwọn òru tó ṣókùnkùn jù ni àwọn tó bọ́ sí ìparí oṣù òǹkà òṣùpá, ìgbà tí àwọn mùsùlùmí ìlú bá ń múra àtiwo oṣù tuntun. Bí iná mànàmáná bá sì lọ lóru bẹ́ẹ̀, kí akẹ́kọ̀ọ́ ìràwọ̀ má bínú. Kó tètè jáde ni.

Ojú nílò bí ọgbọ̀n ìṣẹ́jú kó tó mọ òkùnkùn lára. Kí a wo ojú fóònù lẹ́ẹ̀kan péré, ó di ká tún bẹ̀rẹ̀. Bí a kò bá ní tẹlisíkóòpù, awò olójú méjì tí àwọn sọ́jà fi ń wo ọ̀nà jíjìn tó fún gbogbo ohun tó wà nínú orí yìí, àfi ibi tí a bá ti sọ pé kò tó.

6.2 Àwọn tó kọ́kọ́ kọ ọ́ sílẹ̀

Ìwé tó pẹ́ jù lọ tí a mọ̀ tó mẹ́nu kan Andromeda, èdè Lárúbáwá ni wọ́n fi kọ ọ́. Al-Sufi, onímọ̀ ìràwọ̀ kan ní ilẹ̀ Páṣíà, kọ ìwé lórí àwọn ìràwọ̀ ní nǹkan bí ọdún 964, ó sì pè é ní kùúkùu kékeré. Ọ̀pọ̀ ìràwọ̀ ni orúkọ rẹ̀ ṣì jẹ́ ti Lárúbáwá dòní: Aldebaran, Rigel, Betelgeuse. Ọmọ ilé kéwú ní Ẹdẹ á tètè gbọ́ gbòǹgbò wọn ju ọmọ Òyìnbó lọ.

Ọgọ́rùn-ún mẹ́jọ ọdún lẹ́yìn al-Sufi, ọmọ ilẹ̀ Faransé kan, Charles Messier, ń wá ìràwọ̀ onírù kiri. Àwọn kùúkùu tí kì í kúrò lójú kan yìí ń tàn án jẹ, ló bá bẹ̀rẹ̀ sí í kọ wọ́n sílẹ̀ kí wọ́n má bàa tún da òun láàmú. Ìwé rẹ̀, pẹ̀lú èyí tí àwọn mìíràn fi kún un, ní ohun 110. Lẹ́tà M àti nọ́ńbà la fi ń pè wọ́n: Andromeda ni M31. Messier kò mọ ohun tí ọ̀pọ̀ nínú wọn jẹ́. Lójú rẹ̀ ọ̀pọ̀ wọn rí bákan náà, bẹ́ẹ̀ ohun mẹ́ta tó jìnnà síra pátápátá ló kó pọ̀ sínú ìwé kan: ìṣùpọ̀ ìràwọ̀, nẹ́búlà, àti gálásì.

6.3 Ìṣùpọ̀ ìràwọ̀

Ìṣùpọ̀ ìràwọ̀ ni àwọn ìràwọ̀ tí a bí pọ̀ láti inú gáàsì kan náà, tí òòfà wọn sì so wọ́n mọ́ra. Èyí tó rọrùn jù láti rí ni Pleiades, M45, tí àwọn Lárúbáwá ń pè ní Thurayya. Lálẹ́ oṣù kìíní, ó máa ń wà lókè gan-an, ní dìgírì 74 sí apá àríwá. Ojú lásán á ka mẹ́fà tàbí méje nínú ìràwọ̀ rẹ̀. Awò olójú méjì á fi ọ̀pọ̀lọpọ̀ mìíràn hàn. Ní ti gidi, wọ́n lé ní 1,000. Ó jìnnà sí wa tó nǹkan bí 440 ọdún-ìmọ́lẹ̀. Ọdún-ìmọ́lẹ̀ kan ni ọ̀nà tí ìmọ́lẹ̀, tó ń rin 300,000 kìlómítà ní ìṣẹ́jú àáyá kan, ń rìn fún odindi ọdún kan. Ó tó kìlómítà tírílíọ̀nù 9.46.

Ohun tó mú kí ìṣùpọ̀ wúlò fún wa ni pé ọjọ́ orí gbogbo ọmọ inú rẹ̀ dọ́gba. Ìràwọ̀ ńlá a máa jó epo rẹ̀ tán kíákíá; ìràwọ̀ kékeré a máa fi ṣúnṣùún jó o. Nítorí náà bí a bá wo èyí tó ti kú nínú wọn àti èyí tó ṣẹ́ kù, a lè mọ ọjọ́ orí gbogbo wọn. Àwọn ìràwọ̀ búlúù ńláńlá ṣì wà nínú Pleiades, èyí ló fi hàn pé ọjọ́ orí rẹ̀ kò ju nǹkan bí mílíọ̀nù ọdún 100 lọ. Ọmọdé ni, lójú ọ̀run.

Nítòsí rẹ̀ ni Hyades wà, ìṣùpọ̀ tó ya bíi lẹ́tà V, pẹ̀lú Aldebaran pupa ní ẹsẹ̀ kan. Hyades jìnnà tó 150 ọdún-ìmọ́lẹ̀. Aldebaran kì í ṣe ara wọn: ọdún-ìmọ́lẹ̀ 65 péré ni tirẹ̀, ó kàn bọ́ sí iwájú wọn ni. Ẹ rántí èyí tí a bá dé orí gálásì, nítorí ojú kò lè fi ohun tó wà nítòsí hàn yàtọ̀ sí ohun tó wà lẹ́yìn rẹ̀.

Irú ìṣùpọ̀ kejì rí roboto, ó sì dàgbà ju ti àkọ́kọ́ lọ fíìfíì. Èyí tó tóbi jù nínú wọn ní gálásì tiwa ni Omega Centauri. Lálẹ́ ìparí oṣù karùn-ún, bí òjò bá dá, ó máa ń wà ní gúúsù wa ní nǹkan bí agogo mẹ́wàá, ní dìgírì 35 sókè. Ojú lásán á rí i bí ìràwọ̀ bàìbàì kan, ìràwọ̀ sì ni àwọn àgbà onímọ̀ kà á sí títí Edmond Halley fi wò ó láti erékùṣù Saint Helena ní 1677, tó sì rí i pé kùúkùu ni. Nǹkan bí mílíọ̀nù ìràwọ̀ 10 ló wà nínú rẹ̀, ó sì jìnnà tó 17,000 ọdún-ìmọ́lẹ̀. Nígbà tí ìmọ́lẹ̀ tó ń dé ọ̀dọ̀ wa lálẹ́ yìí gbéra níbẹ̀, ẹni tí wọ́n wú egungun rẹ̀ ní Ihò Eléérú nítòsí Àkúrẹ́ ní 1965 kò tíì dáyé.

6.4 Nẹ́búlà

Gáàsì àti eruku tó wà láàárín àwọn ìràwọ̀ ni nẹ́búlà. Ẹni tó bá fẹ́ mọ̀ ọ́n kó kọ́kọ́ wo Orion. Lálẹ́ oṣù kejì, ìràwọ̀ mẹ́ta tó tò léra ní ìlà tààrà wà lókè orí wa. Lábẹ́ wọn, sí apá gúúsù, ìràwọ̀ mẹ́ta mìíràn tí kò tàn tó wọn so rọ̀. Èyí tó wà láàárín kò mọ́ ṣáká. Ó dàbí ẹni pé èéfín bò ó. Nẹ́búlà Orion ni, M42. Ní agogo mẹ́sàn-án alẹ́, ní nǹkan bí ọjọ́ kẹwàá oṣù kejì, ó máa ń ga tó dìgírì 77, nítorí náà eruku ọyẹ́ kì í lè pa á mọ́ wa lójú tán.

Ó jìnnà tó nǹkan bí 1,350 ọdún-ìmọ́lẹ̀, ó sì fẹ̀ tó 24. Inú rẹ̀ ni òòfà ti ń fa gáàsì háídírójìn jọ, tí yóò ki tí yóò sì gbóná títí háídírójìn á fi bẹ̀rẹ̀ sí í dà pọ̀ di hẹ́líọ́ọ̀mù. Bí ìyẹn bá ti bẹ̀rẹ̀, ìràwọ̀ tuntun ti dé nìyẹn. Tẹlisíkóòpù kékeré á fi ìràwọ̀ mẹ́rin hàn ní àárín rẹ̀. Awò olójú méjì kò tó fún wọn. Àwọn mẹ́rin yìí ṣẹ̀ṣẹ̀ dáyé, wọ́n gbóná janjan, ìtànṣán wọn ló sì ń mú kí gáàsì tó yí wọn ká máa tàn.

Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ máa ń bínú nígbà tí wọ́n bá kọ́kọ́ rí i. Fọ́tò tó wà lórí íntánẹ́ẹ̀tì pupa fòò, ṣùgbọ́n eérú ni wọ́n rí. Fọ́tò kò purọ́. Ẹ̀yà ojú tí à ń lò lókùnkùn kò mọ àwọ̀. Kámẹ́rà á ṣí sílẹ̀ fún ìṣẹ́jú púpọ̀, á máa kó ìmọ́lẹ̀ jọ, ojú kò lè ṣe bẹ́ẹ̀. Ẹ má tilẹ̀ tẹjú mọ́ nẹ́búlà náà. Ẹ wo ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ díẹ̀, ẹ ó rí i pé ó gbilẹ̀ ju bẹ́ẹ̀ lọ, nítorí ibi tó ń ríran jù lókùnkùn kò sí ní àárín gbùngbùn ojú.

Nẹ́búlà Carina, ní gúúsù, tóbi ju Orion lọ, àmọ́ ó jìnnà tó 7,500 ọdún-ìmọ́lẹ̀. Ìràwọ̀ kan nínú rẹ̀, Eta Carinae, bú jáde láàárín àwọn ọdún 1840, débi pé ní 1843 ìràwọ̀ Sirius nìkan ló mọ́lẹ̀ jù ú lọ lóru. Kò tíì pẹ́ tí ogun Òṣogbo parí nígbà náà, ìràwọ̀ yìí sì ń yọ ní gúúsù Ẹdẹ ní dìgírì 23. Nẹ́búlà dúdú náà wà, tí kì í tàn, tó kàn ń bo àwọn ìràwọ̀ ẹ̀yìn rẹ̀ mọ́lẹ̀. Ọ̀kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ Àgbélébùú Gúúsù tó dàbí ihò lójú ọ̀run.

Bí ìràwọ̀ ṣe ń ti inú nẹ́búlà jáde, bẹ́ẹ̀ ló ń padà di nẹ́búlà nígbà ikú. Èyí tó kan ọmọ Nàìjíríà jù nínú irú wọn ni nẹ́búlà Akàn, M1, tó wà lára àkójọ ìràwọ̀ tí à ń pè ní Taurus. Ní ọdún 1054, àwọn ará Ṣáínà kọ ọ́ sílẹ̀ pé ìràwọ̀ àlejò kan yọ, tó mọ́lẹ̀ débi pé wọ́n ń rí i lọ́sàn-án. Ìràwọ̀ ńlá kan ló bú. Gáàsì tó tú ká ni Akàn, ní 6,500 ọdún-ìmọ́lẹ̀ sí wa. Ọ̀pọ̀ ọdún ni àwọn onímọ̀ fi ń bi ara wọn léèrè ohun tó ń fún un lágbára láti máa tàn títí di òní, nítorí ó yẹ kó ti tutù.

Samuel Okoye, ọmọ Nàìjíríà, wà ní Yunifásítì Cambridge nígbà náà, tó ń fi rédíò wo ọ̀run. Ní 1965, òun àti Antony Hewish kọ ọ́ sínú ìwé ìròyìn Nature pé ohun kan wà nínú Akàn, tó kéré gan-an, tí agbára rédíò rẹ̀ sì pọ̀ ju bó ṣe yẹ lọ. Wọn kò mọ ohun tó jẹ́. Ní 1967, Jocelyn Bell, akẹ́kọ̀ọ́ Hewish, rí irú ìràwọ̀ kan tí ẹnikẹ́ni kò rí rí, tó ń yí bìrì tó sì ń ta ìtànṣán rédíò lóòrèkóòrè: pulsar. Ní 1968, wọ́n rí ọ̀kan nínú Akàn. Ó ń yí nígbà ọgbọ̀n láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan, yíyí rẹ̀ ló sì ń fún nẹ́búlà náà lágbára. Ohun kékeré tí Okoye àti Hewish ti tọ́ka sí nìyẹn. Okoye padà sílé, ó sì dá ilé ìwádìí òfurufú sílẹ̀ ní Yunifásítì Nàìjíríà, Nsukka, ní 1972. Lérò tèmi, ó yẹ kí orúkọ rẹ̀ wà nínú gbogbo ìwé físíìsì tí ọmọ wa ń kà. Akàn fúnra rẹ̀ máa ń ga tó dìgírì 76 ní Ẹdẹ, ṣùgbọ́n ó nílò tẹlisíkóòpù àti sùúrù.

6.5 Gálásì, àti bí a ṣe wọn ọ̀nà

Ní oṣù kẹrin 1920, onímọ̀ méjì, Harlow Shapley àti Heber Curtis, jiyàn ní Washington. Ṣé inú Ọ̀nà Wàrà, ìyẹn gálásì tiwa, ni Andromeda wà, àbí gálásì mìíràn ni lókèèrè? Ẹnikẹ́ni nínú wọn kò lè borí, nítorí kò sí ẹni tó lè wọn bó ṣe jìnnà tó.

Ohun tí yóò yanjú rẹ̀ ti wà nílẹ̀ láti 1912. Henrietta Leavitt, tó ń ṣiṣẹ́ ní Harvard, ń yẹ àwọn fọ́tò Kùúkùu Magellan Kékeré wò. Perú ni wọ́n ti ya wọ́n, nítorí kùúkùu náà kì í yọ ní Harvard. Ó rí irú ìràwọ̀ kan níbẹ̀, Cepheid, tó máa ń tàn sí i tó sì máa ń dín kù láàárín iye ọjọ́ kan tí kì í yẹ̀. Nígbà tó tò mẹ́ẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n nínú wọn sílẹ̀, ó rí i pé èyí tó mọ́lẹ̀ jù ni ìyípo rẹ̀ gùn jù. Níwọ̀n bí gbogbo wọn ti wà nínú kùúkùu kan náà, jíjìnnà wọn sí wa fẹ́rẹ̀ẹ́ dọ́gba, nítorí náà kì í ṣe ọ̀nà ló fa ìyàtọ̀ náà. Ẹ wo ohun tí èyí fún wa. Bí iná ọ̀kadà bá ń bọ̀ lóru lójú ọ̀nà Òṣogbo, a lè díwọ̀n bó ṣe jìnnà sí wa, nítorí a mọ bí iná ọ̀kadà ṣe ń tàn tó bó bá súnmọ́. Ká ka ọjọ́ ìyípo Cepheid, a ti mọ agbára iná rẹ̀; ká wo bó ṣe hàn sí wa, a mọ ọ̀nà rẹ̀. Bí ọ̀nà bá di ìlọ́po méjì, ìmọ́lẹ̀ tó ń dé ọ̀dọ̀ wa á di ìdá mẹ́rin. Bó bá di ìlọ́po mẹ́ta, á di ìdá mẹ́sàn-án.

Ní oṣù kẹwàá 1923, Edwin Hubble fi tẹlisíkóòpù tó fẹ̀ ní mítà 2.5 ní Mount Wilson, Kalifọ́níà, ya Andromeda. Ó sàmì sí ìràwọ̀ kan lára fọ́tò náà pé ó ṣẹ̀ṣẹ̀ bú. Nígbà tó fi í wé àwọn fọ́tò àtijọ́, ó fa ìlà sí àmì àkọ́kọ́, ó sì kọ VAR! síbẹ̀: Cepheid ni. Ó kéde èsì rẹ̀ ní ọjọ́ kìíní oṣù kìíní 1925: Andromeda jìnnà tó nǹkan bí 900,000 ọdún-ìmọ́lẹ̀, kò sì lè wà nínú Ọ̀nà Wàrà. Ní 1952, Walter Baade fi hàn pé oríṣi Cepheid méjì ló wà tí wọ́n ti dà pọ̀ mọ́ra, ìyẹn ló sì mú kí iye Hubble kéré jù. Iye tí a mọ̀ báyìí ni mílíọ̀nù 2.5 ọdún-ìmọ́lẹ̀. Kùúkùu Magellan Kékeré wà ní nǹkan bí 200,000, èkejì rẹ̀ Ńlá ní 160,000.

Kùúkùu Magellan Ńlá rọrùn rí jù, ní dìgírì 12.5 ní gúúsù wa, àmọ́ àkókò rẹ̀ bọ́ sí ìgbà ọyẹ́. Inú rẹ̀ ni ìràwọ̀ kan ti bú ní oṣù kejì 1987, tí ojú lásán sì rí i.

Gálásì tiwa ńkọ́? Inú rẹ̀ la wà, nítorí náà a kò lè rí i lódindi. Ẹni tó ń jí fún ìrun àsùbáà ní àárín oṣù kẹrin, tó bá bọ́ síta ní agogo márùn-ún, á rí ọ̀já ìmọ́lẹ̀ kan tó ti àríwá dé gúúsù. Ibi tó fẹ̀ jù, ní dìgírì 53 ní gúúsù, ni àárín Ọ̀nà Wàrà wà, ní 26,000 ọdún-ìmọ́lẹ̀. Ohun kan wà níbẹ̀ tó wúwo ju oòrùn lọ ní ìlọ́po mílíọ̀nù 4, tí ìmọ́lẹ̀ kò lè jáde nínú rẹ̀. Bí àwọn ìràwọ̀ ṣe ń sáré yí i ká ni Andrea Ghez àti Reinhard Genzel fi mọ̀ ọ́n, wọ́n sì gba Ẹ̀bùn Nobel fún un ní 2020. Eruku tó wà láàárín kò jẹ́ kí ojú rí ibẹ̀, ṣùgbọ́n rédíò ń gba inú eruku kọjá, ìdí nìyí tí àwo rédíò 64 ti MeerKAT ní South Africa fi lè yà á. Lọ́dọ̀ọ́ wa níhìn-ín, Gánà ti sọ àwo ńlá kan ní Kuntunse, mítà 32 ní fífẹ̀, tí wọ́n ń fi gba ìpè fóònù tẹ́lẹ̀, di tẹlisíkóòpù rédíò ní 2017.

6.6 Iṣẹ́ ṣíṣe

1. Ìṣùpọ̀ M13 wà ní dìgírì 36.5 àríwá, Omega Centauri ní 47.5 gúúsù. Ẹ ṣírò ibi tí ọ̀kọ̀ọ̀kan ń ga dé ní Ẹdẹ, ní Kánò (12.0 àríwá) àti ní Lọ́ńdọ̀nù. Èwo ni kì í yọ ní Lọ́ńdọ̀nù?

2. Cepheid méjì ní ọjọ́ ìyípo kan náà, ṣùgbọ́n ọ̀kan hàn sí wa ní ìdá ọgọ́rùn-ún ìmọ́lẹ̀ èkejì. Ìlọ́po mélòó ni ó fi jìnnà jù ú lọ?

3. Láti àárín nẹ́búlà Akàn dé etí rẹ̀ tó nǹkan bí 5.5 ọdún-ìmọ́lẹ̀, gáàsì rẹ̀ sì ń sáré síta ní nǹkan bí 1,500 kìlómítà ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Ìṣẹ́jú àáyá mílíọ̀nù 31.6 ló wà nínú ọdún kan. Ọdún mélòó ni gáàsì náà ti fi ń sáré? Ẹ fi ìdáhùn yín wé ọdún tí àwọn ará Ṣáínà kọ sílẹ̀.